Àdúrà Tí Ìjọ Wa Gbà Fún Mílánì

Ẹ̀yin èèyàn mi, ẹ fún mi láyè kí n ròyìn ohun tí ojú mi rí lórí ọ̀rọ̀ fíìmù àtijọ́ kan ní Atlanta níbí.

Màmá mi wá kí wa láti Ìbàdàn. Èmi á lọ shift, àwọn ọmọ á lọ school, Màmá á dá jókòó sílé ní Tucker látàárọ̀ dalẹ́. Ní ṣọ́ọ̀ṣì pàápàá, ẹ káàárọ̀ lásán ni àwọn èèyàn ń kí wọn. Màmá ní àwọn fẹ́ padà sílé, ọ̀rọ̀ náà sì dùn mí gan-an.

Mo bá tan orin ẹ̀mí fún wọn lórí TV, mo jáde. Kí n tó dé, orin ti parí, íńtánẹ́ẹ̀tì ti fúnra ẹ̀ gbé fíìmù Yugoslavia kan wá, black and white. Wọ́n ń mú ọmọkùnrin kan, Mílánì, tó ń fọn fèrè, lọ sójú ogun. Ìyá ẹ̀ ń sunkún, Màmá náà ń sunkún. Ṣé wọ́n gbọ́ èdè náà ni? Rárá o! Àmọ́ orin fèrè yẹn dùn débi pé èmi náà ń kọ ọ́ nínú mọ́tò.

Apá kìíní fíìmù náà nìyẹn. Ní prayer meeting lọ́jọ́ Wednesday, Màmá dìde, wọ́n ní kí ìjọ bá àwọn gbàdúrà fún Mílánì, ó wà lójú ogun, ìyá ẹ̀ ò jẹun mọ́.

Ṣé kí n wá dójú ti ìyá mi láàárín ìjọ ni? Mo bá wọn ṣe àmín. Pastor kéde ààwẹ̀. Aunty Fọlákẹ́, olórí àwọn ìyá ìjọ, gbé kúlà ìrẹsì wá láti Duluth, ó ní ká fún ìyá Mílánì.

A jẹ ẹ́.

Ní Saturday, a wo apá tó kẹ́yìn, Mílánì padà délé. Ní Sunday, Màmá jáde lọ jẹ́rìí. Gbogbo ìjọ jó! Pastor ní kí wọ́n mú Mílánì wá lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀.

Nígbà tá à ń lọ sílé, mo rọra sọ fún Màmá pé fíìmù ni o, ẹni tó ṣe Mílánì lè ti kú kí wọ́n tó bí mi.

Màmá wò mí. "Ṣé o rò pé mi ò mọ̀ ni? Kí Mílánì tó dé, ta ló mọ orúkọ mi ní ṣọ́ọ̀ṣì yẹn?"



Ẹ jọ̀ọ́, táwọn òbí wa bá wá kí wa, ẹ jẹ́ ká máa wáyè bá wọn sọ̀rọ̀, kí wọ́n má baà lọ máa gbààwẹ̀ fún ọmọ inú fíìmù. Ẹ̀yin ńkọ́, kí ni òbí tiyín ṣe nígbà tí ilé sú wọn? Ẹ kọ ọ́ sísàlẹ̀. Kẹ́ ẹ sì bá mi ronú ohun tí màá sọ fún Pastor, torí Màmá ti ní àwọn ò lọ sí Ìbàdàn mọ́.