Ẹ̀pà Márùn-ún àti Wàláà Kan

Nígbà tí mo wà ní kékeré ní Ìwó, orí pákó tí kì í dún ni mo ti kọ́ dùrù. Ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi tí ẹ mọ bí nǹkan ṣe rí nígbà náà, kò ní yà yín lẹ́nu. Ilé tí dùrù wà ní gbogbo agbègbè wa kò ju ẹyọ kan lọ, bàbá mi sì ni Àfáà tó ń kọ́ àwọn ọmọ àdúgbò ní kéwú lábẹ́ igi máńgòrò. Kí ló kan ọmọ Àfáà kan dùrù?

Ẹ̀kọ ló fà á. Ìyá mi máa ń se ẹ̀kọ, èmi ni mo sì ń kiri rẹ̀ láràárọ̀ Sátidé, tí òórùn ewé gbígbóná á máa tẹ̀lé mi káàkiri. Oníbàárà wa kan ń gbé lójú ọ̀nà Ilé-Ogbó, olùkọ́ tó ti fẹ̀yìn tì, tí gbogbo ènìyàn ń pè ní Màmá Tíṣà. Àwọn ló ni dùrù náà, àpótí onígi ńlá kan tó fẹ̀yìn ti ògiri pálọ̀, tí ikán ti jẹ ẹsẹ̀ rẹ̀ kan. Lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ gbọ́ ọ, mo dúró sẹ́nu ọ̀nà títí ẹ̀kọ fi tutù. Màmá Tíṣà kò lé mi. Wọ́n ní kí n sọ igbá kalẹ̀, kí n lọ fọwọ́, kí n wá jókòó. Bí mo ṣe di akẹ́kọ̀ọ́ wọn nìyẹn. Ìyá mi gbọ́, wọ́n ṣe bí ẹni tí kò gbọ́. Bàbá mi kò gbọ́ rárá.

Ẹ má rò pé orin ni wọ́n fi bẹ̀rẹ̀. Ọsàn ni wọ́n kọ́kọ́ gbé fún mi. Wọ́n fi ọsàn kékeré kan sábẹ́ àtẹ́lẹwọ́ mi, wọ́n ní bí ọwọ́ ṣe gbọ́dọ̀ ká lórí dùrù nìyẹn, kí ìka máa tẹ̀ ẹ́ láti òkè, kí ọrùn ọwọ́ má le. Odindi oṣù kan ni mo fi gbé ọsàn tí n kò jẹ. Lẹ́yìn ọsàn ló kan ẹ̀pà. Màmá Tíṣà á to ẹ̀pà márùn-ún sí apá òsì lórí dùrù. Bí mo bá tẹ ìlà kan láìṣì í, ẹ̀pà kan á sún sí apá ọ̀tún. Bí mo bá ṣì í, kódà kó ku ẹyọ kan péré, gbogbo wọn á padà sílé. Ìgbà tí márààrún bá kọjá ni mo tó lè jẹ wọ́n. Kí n má purọ́ fún yín, n kò sanra lọ́dún náà. Bí mo bá sì ń sáré, Màmá Tíṣà kì í nà mí. Wọ́n á kàn ní, "Àmínátù, ta ló ń lé ọ?" N ó sì tún un bẹ̀rẹ̀.

Bí a bá ṣe tán, wọ́n á fi kásẹ́ẹ̀tì sínú rédíò, kí a lè gbọ́ àwọn àgbà ọ̀jẹ̀ tó ń tẹ dùrù lókè òkun. Wọn kì í jẹ́ kí n sọ pé ó dùn. Ohun tí wọ́n ń fẹ́ ni kí n sọ ohun tí ọwọ́ òsì ń ṣe nígbà tí ọwọ́ ọ̀tún ń ṣe fújà. Lọ́kàn mi, mo rò pé irú àwọn ènìyàn bẹ́ẹ̀ kò kọ́ ọ, pé bí wọ́n ṣe bí wọn ló ti wà níka wọn. Màmá Tíṣà wá sọ fún mi pé ẹ̀gbọ́n kan tí àwọn kọ́ ní kékeré ti di ọ̀kan nínú wọn, pé ó ń bọ̀ wá kí àwọn ní Sátidé kan, èmi ni màá sì tẹ dùrù fún un. Láti ọjọ́ náà ni oorun ti dá lójú mi.

Orin tí mo fẹ́ tẹ̀ ní ibì kan tí àtàǹpàkò ti gbọ́dọ̀ gba abẹ́ ìka yòókù kọjá. Ibẹ̀ ni ẹ̀pà mi máa ń padà sílé. Ọ̀sẹ̀ kan ló kù, kò sì sí dùrù nílé wa. Wàláà ló wà nílé wa, pákó tí a ń kọ kéwú sí. Ẹ̀yin tí ẹ lọ ilé-kéwú mọ òfin rẹ̀: Àfáà á fi tàdáwà kọ iṣẹ́ sí i, wàá máa kà á títí á fi wọ̀ ọ́ lórí, wàá kà á fún Àfáà, nígbà náà ni wàá tó fọ̀ ọ́ kí wọ́n lè kọ òmíràn. Iṣẹ́ tèmi kò tíì wọ̀ mí lórí. Mo fọ̀ ọ́. Mo fi tàdáwà ya eyín dùrù sí i, funfun àti dúdú, mo sì ń fi ìka rìn lórí rẹ̀ lẹ́yìn ilé ìdáná, tí mo ń kọ orin náà sínú.

Ní ọ̀sán Àlàmísì, bàbá mi ní kí n gbé wàláà mi wá kí n wá kà. Wọ́n wo iwájú rẹ̀, wọ́n wo ẹ̀yìn rẹ̀. Bàbá mi béèrè ibi tí iṣẹ́ wà, mo ní mo ti fọ̀ ọ́. Wọ́n ní ṣé mo ti mọ̀ ọ́n, mo ní rárá. Ẹ̀rù bà mí débi pé mo jẹ́wọ́ gbogbo rẹ̀, ọsàn, ẹ̀pà, Màmá Tíṣà, àlejò Sátidé. Ó yà mí lẹ́nu pé dùrù kọ́ ló bí wọn nínú. Ohun tí wọ́n ń tẹnu mọ́ ṣáá ni pé, "O fọ ohun tí o kò mọ̀." Mo kúnlẹ̀, mo gbọ́wọ́ sókè títí apá mi fi kú. Wọ́n ní àwọn á bá mi dé ilé Màmá Tíṣà ní Sátidé. Mo mọ̀ pé wọ́n fẹ́ lọ fòpin sí i ni.

Nígbà tó di Sátidé, bàbá mi wọ jàlàbíà funfun, wọ́n fi wàláà há abíyá, mo sì ń wọ́ tẹ̀lé wọn. A kò tíì dé ẹnu ọ̀nà tí a ti ń gbọ́ dùrù. Àlejò ti dé. Mo ń retí irú èyí tó wà nínú kásẹ́ẹ̀tì, àmọ́ ìlà kan ṣoṣo ni àlejò ń tẹ̀, ọwọ́ òsì nìkan, díẹ̀díẹ̀, bíi tèmi. Wọ́n á tẹ̀ ẹ́ tán, wọ́n á dúró, wọ́n á tún un bẹ̀rẹ̀. Bàbá mi jókòó ti Màmá Tíṣà ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, wọ́n fetí sílẹ̀ fún ìgbà pípẹ́, wọ́n wá béèrè pé:

"Màmá, ṣé ọmọ yín tó wà nínú ilé yìí kò tíì mọ̀ ọ́n ni?"

"Ó ti mọ̀ ọ́n tipẹ́, Àfáà. Ó ń padà sí i lójoojúmọ́ kó má baà sá lọ ni."

Bàbá mi rẹ́rìn-ín. Wọ́n ní, "Bí kéwú náà ṣe rí nìyẹn." Wọ́n wá gbé wàláà lé Màmá Tíṣà lọ́wọ́, wọ́n ro ẹjọ́ mi. Mo rò pé Màmá Tíṣà á gbè mí. Wọ́n wo eyín dùrù tí mo yà, wọ́n wò mí, wọ́n ní, "Nítorí tèmi lo ṣe fọ ohun tí o kò mọ̀?" Àwọn méjèèjì wá di ọ̀kan lé mi lórí. Wọ́n ní n kò ní tẹ dùrù fún àlejò. Kí n lọ sílé, kí n lọ kọ́ iṣẹ́ tí mo fọ̀. Bí mo bá kà á fún bàbá mi láìṣì, kí n padà wá.

Mo sunkún lọ́jọ́ náà bí n kò ṣe sun ún rí. Bàbá mi wọ pálọ̀ lọ wo dùrù, n kò tilẹ̀ bìkítà. Àlejò jáde, wọ́n dọ̀bálẹ̀ fún bàbá mi, wọ́n sì tẹ̀ ba sílẹ̀ níwájú mi, wọ́n ka ẹ̀pà márùn-ún lé mi lọ́wọ́. Wọ́n ní tàwọn ṣì wà lórí dùrù, àwọn kò tíì rí i jẹ.

Ọjọ́ mẹ́sàn-án ni mo fi kọ́ iṣẹ́ yẹn. Nígbà tí mo máa kà á yanjú, àlejò ti padà sókè òkun, n kò sì tẹ dùrù fún wọn títí dòní. Ó dùn mí gan-an. Àmọ́ nírọ̀lẹ́ ọjọ́ tí mo kà á yanjú, bàbá mi gbé pákó gígùn kan jáde láti yàrá wọn, èyí tí káfíńtà ti fá dán. Wọ́n ti fi tàdáwà ya gbogbo eyín dùrù sí i, ó pé, ó sì ṣe déédéé. Ìgbà tí mo ń sunkún nílé Màmá Tíṣà ni wọ́n ti fi ìka ṣe ìwọ̀n dùrù náà. Wọ́n ní, "Wàláà ni ti kéwú. Èyí ni ti Màmá Tíṣà."

Lónìí, èmi náà ń kọ́ ọmọ ní dùrù níbí ní Ìwó, àwọn kan sì ń gun ọ̀kadà wá láti Olúpọ̀nnà. Kíbọ́ọ̀dù wà nílé púpọ̀ nínú wọn. Lórí fóònù, ìka àwọn àgbà ọ̀jẹ̀ gan-an ni wọ́n ń rí, wọ́n lè dá a dúró, wọ́n lè dá a padà. Inú mi dùn sí i, mo tiẹ̀ ń jowú wọn. Àmọ́ bí mo bá to ẹ̀pà fún wọn, wọ́n á ti jẹ ẹ́ kí n tó yíjú padà, n ó sì bi wọ́n pé ta ló ń lé wọn.

Bàbá mi àti Màmá Tíṣà ti lọ. Kò sí ọjọ́ tí mo jókòó sí ìdí dùrù tí n kì í dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn méjèèjì. Pákó náà wà lára ògiri yàrá tí mo ti ń kọ́ àwọn ọmọ. Títí bàbá mi fi kú, bí tàdáwà rẹ̀ bá ti fẹ́ parẹ́, wọ́n á mú gègé wọn, wọ́n á tún un yà. Ní báyìí, ó ti ń ṣá láàárín, níbi tí àtàǹpàkò mi ti ń kọjá. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, ọ̀kan nínú àwọn ọmọ bu omi sínú abọ́, ó mú aṣọ, ó ní òun fẹ́ bá mi fọ̀ ọ́, eruku ti bò ó. Mo ní kó fi sílẹ̀. N kò tíì mọ̀ ọ́n tán.