Ẹni Tó Ń Tọ́ Ọ̀rọ̀ Wò

Bí ẹ bá gba ẹnu ọ̀nà yàrá rẹ̀ kọjá, ẹ ó rò pé àlejò kún ibẹ̀. Ọkọ ń bú ìyàwó, ìyá ń bẹ ọmọ, dókítà ń ṣàlàyé. Àlejò kankan kò sí. Òun nìkan ni, òun àti kọ̀ǹpútà rẹ̀. Obìnrin òǹkọ̀wé eré tẹlifíṣọ̀n ni, kì í sì í kọ gbólóhùn kan sílẹ̀ láìkọ́kọ́ fi ètè tọ́ ọ wò. Ó ní ọ̀rọ̀ tí kò bá dùn lẹ́nu òun kò lè dùn lẹ́nu òṣèré.

Ibo ló ti ń rí ọ̀rọ̀ ọ̀hún? Lẹ́nu àwọn ará ilé rẹ̀ ni. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin bú ọkọ rẹ̀ nílé ìdáná. Nígbà tó yá, òṣèré kan ń bú èébú kan náà lórí tẹlifíṣọ̀n. Ẹyin lohùn, bó bá balẹ̀, fífọ́ ló ń fọ́. Tiwọn wá fọ́ lójú gbogbo ayé. Àdúgbò rẹ́rìn-ín, ọkọ ẹ̀gbọ́n kò rẹ́rìn-ín. Láti ìgbà náà, bí òǹkọ̀wé wa bá ti ń wọlé báyìí, wọ́n á ní, "Ẹ ṣọ́ra o, rédíò ti dé." Wọ́n á fi rẹ́rìn-ín, wọ́n á sì dákẹ́ lóòótọ́.

Ti ìyá rẹ̀ ló dùn ún jù. Látìgbà tí bàbá ti kú, ìdáhùn kan ṣoṣo ni ìyá ń fún un lórí fóònù: "A wà dáadáa." Kò béèrè ju kí ìyá bá òun sọ̀rọ̀ bí ìyá ṣe ń bá ọmọ sọ̀rọ̀. Àárò ìyá tó ṣì wà láàyè ń sọ ọ́. Ẹ gbọ́ irú ìyà yẹn.

Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, ó lọ kí i. Ó mọ̀ọ́mọ̀ fi bírò sílẹ̀ nílé. Wọ́n jọ ń ká aṣọ tó gbẹ, ni ìyá bá mú ẹ̀wù bàbá kan dání.

"Mo ṣì ń fọ èyí. Kò sẹ́ni tó ń wọ̀ ọ́. Tí mo bá ti sá a síta, á dà bíi pé ó wà nílé. Má fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ o."

Omijé lé ròrò sójú ọmọ. Inú rẹ̀ dùn, ó sì bà jẹ́.

"Lọ́jọ́ tó máa kú, ṣé o mọ̀ pé a jà? Ohun tí mo sọ fún un..."

Ìyá gbójú sókè. Ètè ọmọ rẹ̀ ló ń wò. Ètè náà ń mì. Iṣẹ́ ti di bárakú, ọmọ náà kò mọ̀ pé òun ń tọ́ ọ̀rọ̀ ìyá wò: kò sẹ́ni tó ń wọ̀ ọ́, kò sẹ́ni tó ń wọ̀ ọ́.

"Màámi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ máa sọ ọ́ lọ."

Ìyá ká ẹ̀wù náà, ó gbé e lé orí àwọn yòókù.

"Kò sí nǹkan kan. A wà dáadáa."