Ìgbẹ́jọ́ Ọjọ́ Jímọ̀

Nígbà tí mo ṣì kéré, tí irùngbọ̀n kò tíì hù lójú mi, ẹnu mi ni wọ́n fi ba ayé bàbá kan jẹ́, èmi ni mo sì yá wọn ní ẹnu náà. Ẹ̀yin àbúrò mi tí ẹ ń kà á, ẹ má rò pé mo parọ́ mọ́ ọn. Irọ́ kankan kò jáde lẹ́nu mi lọ́jọ́ náà. Ohun tó ń dùn mí jù nìyẹn.

Kwangila la ń gbé, ní Sáríà, ilé bàbá yìí sì kángun sí tiwa. Ọmọ Ìlọrin ni, ṣùgbọ́n ó ti pẹ́ níbẹ̀ débi pé Hausa ló fi ń bínú, Yorùbá ló fi ń ṣeré. Olórí akáwó ni ní báńkì kan. Nígbà tí mo ka ìwé mẹ́fà tán tí kò sí ohun tí a ó fi tẹ̀síwájú, òun ló bá mi bẹ̀bẹ̀ níbẹ̀ tí wọ́n fi gbà mí ní mẹ́síńjà. Ẹnu ọ̀nà ọ́fíìsì máníjà ni mò ń jókòó sí. Mo ń gbé tíì, mo ń jíṣẹ́.

Ilẹ̀kùn irin tí owó báńkì wà lẹ́yìn rẹ̀ ní kọ́kọ́rọ́ méjì. Ọ̀kan wà lọ́wọ́ máníjà, ọ̀kan wà lọ́wọ́ bàbá. Òfin ni pé ẹnì kan kò gbọdọ̀ mú méjèèjì. Ṣùgbọ́n bó bá di ọjọ́ Jímọ̀, tí bàbá fẹ́ lọ kírun, tí àwọn ilé iṣẹ́ Chikaji sì ti rán ènìyàn wá gba owó oṣù àwọn òṣìṣẹ́ wọn, máníjà fúnra rẹ̀ ni í na ọwọ́ pé kí bàbá fi tirẹ̀ sílẹ̀ fún òun kí iṣẹ́ má baà dúró. Gbogbo wa la mọ̀. Kò sẹ́ni tó kà á sí nǹkan kan.

Bàbá fẹ̀yìn tì. A jẹ ìrẹsì, wọ́n fún un ní aago ògiri. Kò pẹ́ sígbà náà ni wọ́n ní owó kò pé lẹ́yìn ilẹ̀kùn irin, àti pé bàbá ló ń fi kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ sílẹ̀ fún ẹlòmíràn. Wọn ò dárúkọ ẹlòmíràn náà. Wọ́n dá owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀ dúró, wọ́n ní kó wá sọ tẹnu rẹ̀ níwájú àwọn ọ̀gá kan láti Kàdúná. Ọjọ́ Jímọ̀ ni wọ́n dá fún un.

Ó ti dé kí a tó ṣílẹ̀kùn. Ó jókòó tì mí lórí bẹ́ǹṣì, pẹ̀lú agbádá funfun. Nígbà tí mo gbé tíì wọlé fún àwọn ọ̀gá tí mo jáde, ó ní, “Ìwọ ọmọ yìí, ṣé ti ẹni tó ń jẹ́jọ́ ò sí ńbẹ̀ ni?” A rẹ́rìn-ín. Ó ní ọ̀rọ̀ tòun kò gùn, ìbéèrè kan péré lòun fẹ́ bi máníjà lójú wọn: ta lòun ń fi kọ́kọ́rọ́ lé lọ́wọ́?

Àmọ́ inú lọ́hùn-ún ni máníjà wà, láàárín àwọn onídàájọ́, bí ẹni pé ara wọn ni.

Wọn ò pè é títí ìrun fi ń súnmọ́. Ni máníjà bá gba ẹ̀yìn jáde, ó pè mí sí kọ̀rọ̀. Ó ní kí n sọ fún bàbá kó lọ kírun, pé kò ní kàn án títí di ìrọ̀lẹ́. Ó ní kí n má dárúkọ òun o, kí bàbá má lọ rò pé wọ́n ń lé òun.

Mo jíṣẹ́ náà bí ó ṣe rán mi. “Baba, ẹ lọ kírun yín. Kò tíì ní kàn yín.”

Ó wo ilẹ̀kùn, ó wò mí. “Ó dá ọ lójú?”

Mo ní ó dá mi lójú.

Kò tíì jìnnà tí wọ́n fi tẹ aago pè mí. Àgbà inú wọn béèrè ibi tí bàbá wà. Mo wo máníjà; tábìlì ló ń wò.

Mo ní, “Ó ti lọ, sà.”

Ọkùnrin náà pòṣé. Máníjà mi orí bí ẹni tí àánú ń ṣe. Mo dúró díẹ̀, bóyá wọ́n á bi mí sí i. Wọ́n ní kí n máa lọ. Nígbà tí bàbá máa padà dé, ọkọ̀ àwọn ará Kàdúná ti gbéra.

Wọ́n ní ó kọ̀ láti yọjú. Ẹni tó ti kúrò lẹ́nu iṣẹ́ ni wọ́n tún lé kúrò lẹ́nu iṣẹ́, owó ìfẹ̀yìntì rẹ̀ sì wọgbó lọ. Ó lọ bá wọn ní Kàdúná kí wọ́n tún ẹjọ́ náà gbọ́. Nígbà tó padà dé, mo lọ kí i.

Ó ní, “Wọ́n bi mí bóyá ẹnì kan ló ní kí n máa lọ. Mo ní rárá. Àánú mi ló ṣe ọ́ lọ́jọ́ náà, o ò fẹ́ kí Jímọ̀ fò mí. Bí mo bá dárúkọ rẹ, wọ́n á lé ọ. Sai hakuri, sùúrù ló kù.”

Ohun tí ì bá dá a láre ló fi bò mí láṣìírí.

Ayé ti yí díẹ̀ láti ìgbà náà. Ní Chikaji tí mo ti ń ṣiṣẹ́ báyìí, bí wọ́n bá fẹ̀sùn kan ènìyàn, ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ á rán ẹnì kan jókòó tì í títí wọn á fi gbọ́ tẹnu rẹ̀. Máníjà ti di ọ̀gá ńlá níbòmíràn. Bàbá ń ta kẹrosíìnì níwájú ilé ní Kwangila, kì í sì í kírun Jímọ̀ kan láìsọ pé ìkánjú òun lọ́jọ́ náà ló ba tòun jẹ́. Bí mo bá ń kọjá, á pè mí ní ọmọ òun tó láàánú.

Gbólóhùn kan ni mo jẹ ẹ́, n kò tíì san án: máníjà ló rán mi, Baba.