Ẹni Ìkẹyìn Lórí Pápá

Kí Nathaniel Akíntóyè tó dáhùn ìbéèrè, ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ á kọ́kọ́ lọ sábẹ́ àgbọ̀n. Àtàǹpàkò á wá nǹkan kan níbẹ̀, á tẹ̀ ẹ́, á sì padà sílẹ̀. Ibẹ̀ ni wọ́n ti ń de okùn akoto. Ó ń lọ sí ọdún kan báyìí tí kò dé akoto mọ́, ṣùgbọ́n ọwọ́ náà kò tíì gbọ́.

Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ni. Ó ga, èjìká rẹ̀ fẹ̀ débi pé ẹ̀gbẹ́ ló fi ń wọ ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì wa ní Redan, lẹ́bàá Atlanta ní Amẹ́ríkà. Àwọn ọmọ Sunday School máa ń so rọ̀ mọ́ apá rẹ̀. "Uncle Nate, me next!" Á gbé wọn sókè lọ́kọ̀ọ̀kan, kò ní rẹ́rìn-ín, kò sì ní já ẹnikẹ́ni sílẹ̀.

Snellville ni wọ́n ti tọ́ ọ dàgbà. Bàbá rẹ̀, George, kú nígbà tó wà ní kíláàsì kẹta. Ìyá rẹ̀, Monísọ́lá, ló dá a tọ́. Nọ́ọ̀sì ni ìyá yìí, àwọn tí orí wọn fara pa ló sì ń tọ́jú: ẹni tí mọ́tò kọlù, ẹni tó já bọ́ láti orí òrùlé. Lára wọn ni àwọn tí kò mọ orúkọ ọmọ tí wọ́n bí mọ́. Nítorí náà, lọ́jọ́ tí kóòṣì ilé-ẹ̀kọ́ girama wá sílé wọn pé ọmọ náà gbọ́dọ̀ gbá bọ́ọ̀lù, ohun kan péré ni ìyá bèèrè.

"Ṣé orí ni wọ́n máa ń kàn mọ́ra?"

Yorùbá ló dìídì fi bèèrè; Nathaniel túmọ̀ rẹ̀. Kóòṣì rẹ́rìn-ín. "No, ma'am. Shoulders. We teach shoulders."

Ìyá wo ojú ọkùnrin náà pẹ́, ó sì fọwọ́ sí i.

Bọ́ọ̀lù yìí kì í ṣe èyí tí à ń fi ẹsẹ̀ gbá. Àyà ni wọ́n ń gbé e mọ́ sá lọ sí òpin pápá, àwọn mìíràn á sì máa gbé ẹni tó mú un ṣubú. Nathaniel wà lára àwọn tó ń gbé ènìyàn ṣubú. Ẹ̀yìn pátápátá ni wọ́n fi í sí. Bí ẹni tó gbé bọ́ọ̀lù bá kọjá gbogbo àwọn tó wà níwájú, Nathaniel ló kù. Bó bá kọjá Nathaniel, kò sí ẹnikẹ́ni mọ́.

Bọ́ọ̀lù yẹn ló san owó yunifásítì rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni àkókò tí àwọn ẹgbẹ́ ńláńlá máa ń yan ọmọ tuntun dé. Gbogbo ìjọ péjọ sí pálọ̀ ìyá rẹ̀, wọ́n tẹjú mọ́ tẹlifíṣọ̀n láti Thursday di Saturday. Wọn ò pe orúkọ rẹ̀. Àwọn àlejò kó abọ́ wọn, wọ́n ní Ọlọ́run kò sùn, wọ́n lọ. Ó ń fọ abọ́ lọ́wọ́ nígbà tí fóònù dún: ẹgbẹ́ kan níbí ní Atlanta ní kó wá, kí àwọn dán an wò.

Ọdún àkọ́kọ́, ìdánrawò nìkan ló ń bá wọn ṣe. Lọ́jọ́ ìdíje, ó ń wọ aṣọ òde, ó ń dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ pápá. Ọdún kejì, wọ́n ń jẹ́ kó wọlé díẹ̀díẹ̀. Ọdún kẹta, ẹni tó ni ipò náà dá lórúnkún, ni Nathaniel bá wọlé, kò sì jáde mọ́.

Ẹni tó wà lẹ́yìn rẹ̀ nínú ipò yẹn ni Sùlèímọ́nù. Ọmọ Yorùbá tí wọ́n bí ní Maryland ni, ará Ìwó ni àwọn òbí rẹ̀. Bí Nathaniel bá fara pa, Sùlè ni yóò wọlé. Síbẹ̀, ilé kan náà ni wọ́n jọ háyà ní Duluth, wọ́n jọ ń dáná, wọ́n jọ ń wo fídíò àwọn tí wọ́n fẹ́ gbé ṣubú.

"Yorùbá ẹ dà bí ìrẹsì inú microwave," Sùlè á sọ. "Ìta gbóná, àárín tutù."

"At least ìrẹsì wà nínú tèmi. Tìẹ, abọ́ lásán."

Yasmin, àfẹ́sọ́nà Sùlè, á ní kí àwọn méjèèjì dákẹ́, pé òun lòun gbọ́ Yorùbá jù nínú ilé náà, bẹ́ẹ̀ ọmọ Somalia ni.

Ọdún kẹta yẹn ni ìwé àdéhùn Nathaniel máa parí. Bó bá gbá a dópin láìsí àléébù, wọ́n á fún un ní òmíràn tó gùn. Gbogbo ohun tó ń lé láti Snellville wà lórí oṣù díẹ̀ yẹn.

Nínú oṣù October, ó pàdé ọkùnrin kan láàárín pápá, akoto kan akoto. Ó dìde. Ó gbọn yẹ̀ẹ̀pẹ̀ kúrò lára. Ẹnikẹ́ni kò rí nǹkan kan. Ní àárọ̀ ọjọ́ kejì, ó lọ ra ọ̀gẹ̀dẹ̀ ní Pleasant Hill Road. Bó ṣe jáde síbi tí wọ́n ń gbé mọ́tò sí, kò mọ ibi tó wà mọ́. Ó ń wo orúkọ àwọn ṣọ́ọ̀bù tí wọ́n kọ ní èdè Korea, kò sì mọ ìlú tí wọ́n wà. Ó jókòó sínú mọ́tò, ó pe Sùlè.

Sùlè dé, ó wọlé jókòó sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀.

"Kí lorúkọ mi?"

"Sùlè."

"Nínú èmi àti ẹ, ta ló mọ ènìyàn gbé ṣubú jù?"

"Èmi ni."

"Ó ti pé. Irọ́ ẹ ṣì wà níbẹ̀."

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Lẹ́yìn náà, ẹ̀rín tán. Sùlè ní, "Nate, you have to tell the doctor."

"Wọ́n á yọ mí."

"I know."

"Má sọ fún ẹnikẹ́ni."

"Ẹnu ẹ ni, kì í ṣe ẹnu mi. Ṣùgbọ́n tell him."

Ní Sunday, nínú kíṣìnì Snellville, ó sọ fún ìyá rẹ̀ pẹ̀lú. Kò sẹ́ni tó fipá bèèrè. Ìyá ń bó iṣu, ó kàn sọ ọ́. Ìyá gbé ọ̀bẹ sílẹ̀, ó nu ọwọ́, ó tan tọ́ọ̀ṣì fóònù rẹ̀ sí ẹyinjú ọmọ rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan.

"Ẹ ṣèlérí, Mummy. Ẹ ò ní sọ."

"Mo ṣèlérí. Fọkàn balẹ̀."

Ọ̀sẹ̀ yẹn kò tíì parí tí dókítà ẹgbẹ́ fi ránṣẹ́ pè é. Ó bi í bóyá ó ti wa mọ́tò rí tí kò mọ ibi tó wà. Nathaniel ní rárá. Dókítà wò ó, ó ní, "Pleasant Hill Road ńkọ́?"

Wọ́n yẹ̀ ẹ́ wò, wọ́n tún un yẹ̀ wò. Ọkùnrin kan wà nínú ẹgbẹ́ náà tí ẹnikẹ́ni kì í fẹ́ kó dúró ti òun: òun ló máa ń fọwọ́ kan ènìyàn léjìká, tí yóò ní kó kó ẹrù iṣẹ́ rẹ̀ wá, kó lọ rí kóòṣì. Ọwọ́ rẹ̀ kan Nathaniel kí Kérésì tó dé. Kò sí ẹgbẹ́ mìíràn tó pè é. Sùlè ló wọ ipò rẹ̀.

Nathaniel lọ kó ẹrù rẹ̀ ní Duluth.

"Ènìyàn méjì ló mọ̀," ó sọ fún Sùlè. "Ìwọ àti Mummy mi."

"Wallahi, mi ò sọ."

"So it's my mother?"

Sùlè ya ẹnu, ó pa á dé. "Mi ò sọ bẹ́ẹ̀."

"Then it's you."

Ó padà sí yàrá rẹ̀ àtijọ́ ní Snellville. Ó sọ ohun tí Sùlè ṣe fún ìyá rẹ̀, ó tún un sọ, ní alaalẹ́, ó ń sọ ọ́. Ìyá á gbé oúnjẹ síwájú rẹ̀, á ní, "Fi í sílẹ̀ fún Ọlọ́run." Ní Saturday kan, Sùlè wá fúnra rẹ̀. Nathaniel wà lókè, ó ń gbọ́ ìyá rẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà: "Ó ní òun ò fẹ́ rí ọ, ọmọ mi. Ẹ fún ara yín láyè." Òótọ́ ni, ó ti sọ bẹ́ẹ̀. Sùlè pẹ́ níbẹ̀ kí mọ́tò rẹ̀ tó lọ.

Nathaniel ló yẹ kó jẹ́ ọ̀rẹ́ ọkọ ìyàwó nígbà tí Sùlè fẹ́ Yasmin. Kò lọ. Ó wá iṣẹ́ síbi tí wọ́n ti ń yá àwọn aláìsàn ní bẹ́ẹ̀dì àti kẹ̀kẹ́ arọ. Ó ń wọ ṣẹ́ẹ̀tì, ó ń gbé fóònù. Bí bọ́ọ̀lù bá ti bẹ̀rẹ̀ lórí tẹlifíṣọ̀n, á jáde lọ gé koríko.

Ní September tó kọjá, Màmá Nathaniel pé ọgọ́ta ọdún, ó sì fẹ́ dúpẹ́. Ìsìn méjì là ń ṣe: ti Yorùbá ní àárọ̀, ti Gẹ̀ẹ́sì lẹ́yìn rẹ̀. Ti Gẹ̀ẹ́sì ni Nathaniel máa ń bá lọ. Lọ́jọ́ yẹn, ó gbé ìyá rẹ̀ wá, ó lọ ra áìsì àti omi, ó sì tètè padà dé. Ó gbé páálí omi kan sí èjìká, ó wọlé láti ẹ̀yìn. Ìyá rẹ̀ wà níwájú, ó di máíkì mú.

"Praise the Lord!"

"Hallelujah!"

"Ẹ ò tíì jí! Praaaise the Lord!"

Àwọn ènìyàn rẹ́rìn-ín, wọ́n dáhùn. Ó dúpẹ́ fún ìlera. Ó dúpẹ́ fún iṣẹ́. Lẹ́yìn náà, ohùn rẹ̀ wálẹ̀.

"Ẹ̀rí tí mi ò tíì jẹ́ rí nìyí. Nígbà tí ọmọ mi ń gbá bọ́ọ̀lù, ó sọ fún mi ní kọ̀rọ̀ pé orí òun ti ń yí. Ó ní kí n má sọ. Mi ò sùn. Ẹ̀mí Mímọ́ ní, Monísọ́lá, pick up that phone! Mo pe dókítà wọn. Mo ní, I am his mother, I am also a nurse, ẹ má jẹ́ kó mọ̀ pé èmi ni. Ẹ bá mi yọ̀! Lónìí, ó ń ṣiṣẹ́, ó ń wa mọ́tò, orí rẹ̀ pé!"

Pátẹ́wọ́ bo gbogbo ilé. Ìyá Damaris, ọ̀kan lára àwọn màmá ìjọ, bọ́ bàtà, ó ń jó. "Ìyá gidi! Ìyá tó mọ ohun tó ń ṣe!" Faith, tó ń bójú tó ẹnu ọ̀nà, ló kọ́kọ́ rí Nathaniel. Ó na ọwọ́ sí páálí omi náà láti gbà á. Nathaniel fúnra rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó gbé e kalẹ̀, kò dún. Ó jáde.

Nígbà tí ìyá rẹ̀ fi bá a níta, gèlè rẹ̀ ti yẹ̀. Ojú wíńdò kún fún ènìyàn.

"Nathaniel. Gbọ́ mi."

"Yes, ma."

"Mò ń rí i lójoojúmọ́ níbi iṣẹ́. Ọkùnrin àgbà tí mò ń fi ṣíbí bọ́! Ṣé kí n dúró dìgbà tí màá máa fi bọ́ ìwọ náà?"

"Mo mọ ìyẹn, ma. Dókítà kọ́ ni mò ń sọ."

"Kí ló wá kù?"

"Sùlè came to the house."

Ìyá bojú wo àwọn tó wà ní wíńdò.

"Ẹ̀yin lẹ ṣílẹ̀kùn. Ẹ wo ojú ẹ̀, Mummy. Ẹ pè é ní 'ọmọ mi.'"

"Bí mo bá sọ fún ọ nígbà yẹn, ǹjẹ́ o ò ní bínú sí mi?"

"Màá bínú, ma."

"O ò ní kó kúrò nílé?"

"Màá kó kúrò."

"Ṣé o rí i?" Omi ti dé ojú rẹ̀. "Ta ni mo ní? Ọ̀rẹ́ ni Sùlè, o ṣì máa rí ọ̀rẹ́. Èmi, ọmọ mélòó ni mo bí?"

"So ẹ fi Sùlè sí ibi tó yẹ kẹ́ ẹ wà."

"Fẹ́misí mi." Orúkọ tó ń pè é láti kékeré nìyẹn, Olúwafẹ́misí.

"I hated him every day. Ẹ̀ ń gbọ́. Ẹ̀ ń bu ọbẹ̀ fún mi."

Pásítọ̀ Adéwùmí yọjú lẹ́nu ọ̀nà, ó ń rẹ́rìn-ín músẹ́. "Mummy Celebrant! Wọ́n ti tan candle o!"

"A ń bọ̀, sà." Ìyá fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ojú, ó tún gèlè rẹ̀ ṣe. Ó di apá ọmọ rẹ̀ mú. "Wá, jẹ́ ká jọ gé kéèkì. Ilé la ó ti sọ ìyókù. Àwọn ènìyàn ń wò wá."

Nathaniel wo ọwọ́ tó wà lápá rẹ̀. Ó mú kọ́kọ́rọ́ mọ́tò jáde, ó yí àtẹ́lẹwọ́ ìyá rẹ̀ sókè, ó fi í síbẹ̀, ó sì pa àwọn ìka náà dé lé e lórí.

"Áìsì wà nínú boot, ma. Ẹ jẹ́ kí wọ́n tètè gbé e."

Ó gba àárín àwọn mọ́tò kọjá. Kò sí ọ̀nà ẹlẹ́sẹ̀ lójú títì yẹn, ni ó bá bọ́ sórí koríko etí rẹ̀. Àwọn tó ń bọ̀ fún ìsìn Gẹ̀ẹ́sì ti ń dé. Ọ̀kan nínú wọn dẹwọ́ eré, ó sọ wíńdò kalẹ̀.

"Uncle Nate! Your car break down? Ṣé kí n gbé yín?"

Ó gbé ọwọ́ sókè sí i, ó mi orí, ó sì ń lọ, ó kọjá iná pupa, ó ń lọ.