Ológbò tí a pè ní ọ̀lẹ

Wọ́n yọ eyín mẹ́rin lẹ́nu ológbò mi láàárọ̀ yìí, láti ìgbà náà ni inú ti ń bí mi sí ara mi.

Dókítà ẹranko ní, "Mọ́mì, tó bá jí lójú oorun abẹ́rẹ́, ẹsẹ̀ rẹ̀ ò ní kọ́kọ́ ranlẹ̀. Itọ́ rẹ̀ lè ní ẹ̀jẹ̀ díẹ̀. Ẹ bá a rún ẹja rẹ̀ kó rọ̀ dáadáa."

Mo ní, "Kí ló dé tí kò ké nígbà tó ń dùn ún?"

Ó ní, "Ọ̀pọ̀ wọn kì í ké. Wọ́n á kàn máa da itọ́, wọn ò sì ní fẹ́ fi ẹnu kan nǹkan líle."

Mo rántí ológbò kan.

Ní ìlú wa, Ọ̀sí, ní nǹkan bí ogójì ọdún sẹ́yìn, ológbò ilé wa da itọ́ báyìí gan-an. Eku ń jẹ àgbàdo wa nínú àká, ó kàn ń wò wọ́n ni. Bàbá mi, akọ̀wé káńsù, ní, "Ọ̀lẹ ni. N ò bọ́ ọ̀lẹ." Wọ́n ní kí n kì í sínú àpò, a sì lọ tú u sílẹ̀ lójú ọ̀nà tó lọ sí ìlú Kóró.

Bí mo ṣe ń kì í bọ àpò, kò gé mi jẹ. Ọjọ́ pẹ́ tí mo ti ń fi yangàn pé ó fẹ́ràn mi ni.

Ẹnu ló ń dùn ún!

Bàbá mi ti lọ, n ò rí wọn bá jà. Ẹ̀yin ńkọ́? Ẹran ilé wo lẹ ti pè ní ọ̀lẹ rí? Ẹ sọ òótọ́.