Ọgbà Tí Ọkọ Mi Ń Sanwó Rẹ̀ Lóṣooṣù

Ọkọ mi purọ́ fún mi pé ẹni tí kò bá san owó oṣooṣù kò lè wọ inú géèmù náà. Irọ́ kékeré ni, àbí? Ọ̀pọ̀ ọkọ ló ń pa irọ́ tó jù bẹ́ẹ̀ lọ kí wọ́n tó fọ ẹnu láàárọ̀. Ṣùgbọ́n irọ́ yẹn ló gbé mi dé yàrá kan ṣoṣo ní àdúgbò Soje ní Minna yìí, èmi àti máṣínnì ìránṣọ mi, tí òun sì wà nílé wa ní Kpakungu. Ẹ jẹ́ kí n rò ó fúnra mi. Àwọn tó ń bá mi rò ó kiri kò rò ó dáadáa.

Géèmù orí fóònù ni. Kì í ṣe ti bọ́ọ̀lù o. Èyí, tí èèyàn bá wọ inú rẹ̀, á yan ara tó wù ú: jagunjagun ni o, alágbẹ̀dẹ ni o, oníṣègùn ni o. Ìlú wà níbẹ̀, ọjà wà níbẹ̀, igbó tó kún fún ẹranko burúkú náà wà níbẹ̀. Èèyàn gidi láti oríṣiríṣi ìlú ni àwọn tí ẹ ń rí tó ń rìn kiri yẹn, wọ́n sì ń bára wọn sọ̀rọ̀. Ẹni tó bá wù á kọ ọ́, ẹni tó bá wù á fi ohùn sọ ọ́. Ọkọ mi wà nínú ẹgbẹ́ kan níbẹ̀, àwọn Yorùbá tó ń gbé òkè Ọya, láti Minna títí dé Kàdúná. Tó bá ti ti ṣọ́ọ̀bù páàtì ọ̀kadà rẹ̀ pa nírọ̀lẹ́, tó wẹ̀, tó kírun, íápíìsì ló kàn.

Kò rí bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ọmọ wa ló kú. Oyún pé, mo rọbí, mo bí i, kò ké. Obìnrin ni. Wọ́n ti lọ sin ín kí n tó lè dìde jókòó, kò sì sí ẹni tó sọ ibẹ̀ fún mi, torí òbí kì í mọ ojú oórì ọmọ. Ìyá ọkọ mi kìlọ̀ pé n kò gbọ́dọ̀ béèrè. N kò béèrè.

Nígbà tí mo padà sílé, èèyàn kún ilé dẹ́nu ọ̀nà. Àwọn Háúsá tó ń gbé ẹ̀gbẹ́ wa wá, wọ́n ní Allah ya mayar da alheri, kí Ọlọ́run fi rere rọ́pò rẹ̀. Ní ti àwọn tiwa, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló wà lẹ́nu wọn: omi ló dànù, agbè ò fọ́. Ẹni tó ń wọlé, omi ló dànù. Ẹni tó ń jáde, agbè ò fọ́. Mo mọ̀ pé bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ nìyẹn, èmi náà ti sọ ọ́ fún ẹlòmíràn rí. Ṣùgbọ́n èmi ni agbè lọ́tẹ̀ yìí, wàrà ń sun ní ọmú mi láìsí ẹni tó máa mu ún, wọ́n sì ń wò mí láti òkè délẹ̀ bóyá ibì kan ti sán.

Ọkọ mi fẹ̀yìn ti ògiri, ó ń dá wọn lóhùn: "Àmín. Ẹ ṣeun. Àmín." Ọjọ́ tí wọ́n lọ tán ló dákẹ́. Kò nà mí o, kò sì bú mi. Tí mo bá gbé oúnjẹ síwájú rẹ̀, "Gbé e síbẹ̀" ni. Tí mo bá ní ẹ kú iṣẹ́, "Ùn" ni. Ohun tí mo ń fẹ́ kò pọ̀: kí ọkọ mi wojú mi, kó tún bá mi sọ̀rọ̀, kí a jọ sunkún ọmọ yẹn lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, kí a sì máa báyé lọ.

Bẹ́ẹ̀, ẹ̀rín wà nínú yàrá o! Mo máa ń gbọ́ ọ láti ìdí máṣínnì mi ní pálọ̀: "Háà, ẹ̀gbọ́n, ẹ má pa mí lẹ́rìn-ín!" Ọkùnrin tí n kò rí eyín rẹ̀ mọ́, àwọn tí kò mọ̀ rí ló ń fi gbogbo eyín náà hàn.

Mo bá lọ bá a. Mo ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi géèmù yìí hàn mí, kí èmi náà máa bá yín gbá a."

Kò tilẹ̀ yọ íápíìsì. "Ìwọ? Owó oṣooṣù ni wọ́n ń san níbẹ̀. Tí o ò bá san, géètì ò ní ṣí. Lọ rán aṣọ rẹ."

Mo lọ rán aṣọ mi.

Agùnbánirọ̀ kan, ọmọbìnrin, ló tú àṣírí. Ó wá pé kí n bá òun fún kaba òun, ó gbọ́ ariwo géèmù láti inú yàrá, ó ní òun náà ń gbá a. Mo ní, "Èló lẹ ń san lóṣù?" Ó bú sẹ́rìn-ín. "Haba, Àǹtí! Ọ̀fẹ́ ni. Ta ló ní kí ẹ sanwó?"

Ó wá là á yé mi. Wíwọlé, ọ̀fẹ́. Rírìn kiri, ọ̀fẹ́. Ìjà náà, ọ̀fẹ́, àmọ́ tí agbára bá tán nínú rẹ, o máa jókòó dè é kó tún kún, tàbí kí o wo ìpolówó ọjà kí wọ́n tó bù díẹ̀ fún ọ. Àwọn kan ń ra nǹkan lẹ́yọ-ẹyọ, idà lónìí, bàtà lọ́la. Ẹni tó ń san owó oṣooṣù ní tirẹ̀ kì í dúró de nǹkan kan, kì í wo ìpolówó, ó ní ẹṣin, ó sì ní ilé tó ní ọgbà. Tó bá dáwọ́ owó dúró, ó ṣì lè máa wọlé bíi tàwọn yòókù, ṣùgbọ́n wọ́n á gba ilé náà àti gbogbo ohun tó wà nínú ọgbà. "Kò pọn dandan rárá, Àǹtí," ó ní. "Wọ́n kàn ń sanwó kí nǹkan kan má bàa yọ wọ́n lẹ́nu ni."

Òun ló gbà á sórí fóònù mi. Ara ọkùnrin ni mo yàn, onírùngbọ̀n, mo sì fún un lórúkọ ọkùnrin. N kò jẹ́ kí wọ́n gbóhùn mi, kíkọ ni mo ń kọ.

Ẹ wá wo ìyà! Aṣọ tí wọ́n wọ̀ fún mi dà bí àpò ìrẹsì tí wọ́n dá ihò sí lọ́rùn, èmi aránṣọ. Ẹsẹ̀ ni mo fi ń rìn, àwọn ẹlẹ́ṣin ń da eruku bò mí. Ẹranko kékeré kan á gé mi jẹ, agbára á tán, wọ́n á ní kí n wo ìpolówó ọṣẹ. Kò pẹ́ tó fi yé mi ìdí tí wọ́n fi ń gba àwa ọ̀fẹ́ wọlé. Ẹni tó fowó ra ẹṣin, tí kò bá sí ẹlẹ́sẹ̀ lójú ọ̀nà, ta ló fẹ́ gùn ún fún?

Rírí ọkọ mi kò ṣòro, mo ti ń rí ẹ̀wù pupa àti ẹṣin funfun rẹ̀ lójú fóònù rẹ̀ tipẹ́. Mo kí i. Ẹ gbọ́ mi o, ọkùnrin yìí sọ̀ kalẹ̀ lórí ẹṣin! Ó kí mi káàbọ̀, ó fún mi ní idà, ó mú mi wọ ẹgbẹ́. Tí agbára mi bá tán, á dúró tì mí títí á fi padà, á máa sọ ìtàn fún mi. Wàllàhi, n kò rí irú sùúrù yẹn rí látìgbà tó ti fẹ́ mi. Èmi náà ń rẹ́rìn-ín nídìí máṣínnì bí ọmọge. Mo rò ó pé tó bá yá, mo máa sọ pé èmi ni, á yà á lẹ́nu, á yọ íápíìsì, a ó jọ rẹ́rìn-ín. Òmùgọ̀ ni mí.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan ó ní kí n wá wo ilé òun. Ilé náà dára. Nínú ọgbà, òkúta funfun kan dúró, òdòdó búlúù yí i ká. Mo kọ ọ́ pé, "Kí nìyí, ẹ̀gbọ́n?" Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo gbọ́ èsì rẹ̀. Ti àkọ́kọ́ gba ara ògiri yàrá wá, ìkejì tẹ̀ lé e nínú íápíìsì tó wà létí mi.

"Sàárè ìyàwó mi ni. Ó kú nígbà ìbímọ. Àtìyá àtọmọ."

Ẹsẹ̀ mi kúrò lórí máṣínnì. Àwọn ará ẹgbẹ́ gbà á lẹ́nu rẹ̀: ẹ kú ìrọ́jú o, Ọlọ́run á tẹ́ wọn sí afẹ́fẹ́ rere. Wọ́n ti mọ̀ ọ́n tipẹ́, èmi nìkan ni àjèjì níbi ikú mi.

Mo dìde, mo ro tùwó, mo se ọbẹ̀ kúkà, mo gbé e lọ fún un. "Ẹ wá jẹun." "Gbé e síbẹ̀." Ó jẹ ẹ́ tán pátápátá. Ọbẹ̀ òkú dùn, ó lá ọwọ́.

Mo lè pariwo lọ́jọ́ náà. Mo lè sọ fóònù yẹn sínú kànga. Ṣùgbọ́n inú mi burú, ìyá mi ti ń sọ ọ́ láti kékeré mi. Mo dúró de ọjọ́ tí ọmọ yẹn máa pé ọdún kan. Nínú ilé wa, kò sí ẹni tó mẹ́nu kan ọjọ́ náà. Nínú géèmù, ọkọ mi sọ fún wọn pé ọjọ́ Àìkú tó ń bọ̀ ni.

Mo bá kọ̀wé sí àwọn yòókù lẹ́yìn rẹ̀. Mo ní, "Ṣé orí fóònù la ó ti máa kí ọkùnrin tí ìyàwó rẹ̀ kú ni? Àwa Yorùbá? Ó yẹ kí ẹ̀yin tó wà ní Minna lọ bá a nílé. Mo mọ ilé náà." Olórí ẹgbẹ́, bàbá ará Ògbómọ̀ṣọ́ kan tó jẹ́ díákónì, tó ń gbé àdúgbò Nassarawa ní Minna, ló kọ́kọ́ dáhùn. Ó ní, "O ṣeun, ọmọ mi. Ojú tì mí pé n kò ronú kàn án. Ẹ má sọ fún un o, kó má bàa ní ká má ṣe ìyọnu." Mo júwe ilé fún wọn dé ẹnu ọ̀nà.

Lọ́sàn-án ọjọ́ Àìkú náà, mo wọ léèsì mi, mo lé tìróò. Bàbá díákónì sọ̀ kalẹ̀ nínú kẹ̀kẹ́ pẹ̀lú aṣọ ṣọ́ọ̀ṣì lọ́rùn, òun àti obìnrin ẹgbẹ́ wa kan tó ń ta òkìrìkà. Wọ́n gbé búrẹ́dì àti páálí mílíìkì dání. Ọkọ mi jókòó sí pálọ̀. Bàbá ní, "Ẹ kú ará fẹ́ra kù, àbúrò mi," ohùn yẹn kan náà tó ń gbọ́ lójoojúmọ́, mo sì rí i bí ẹnu ọkọ mi ṣe là tí kò lè pa á dé.

Mo gbé omi tútù wá lórí tíréè, mo kúnlẹ̀ dáadáa. "Ẹ káàbọ̀ o. Ẹ kú ọ̀nà."

Bàbá gba omi. "Ẹ ṣeun, ọmọ mi. Ṣé àbúrò olóògbé ni yín?"

"Rárá, sà. Èmi gan-an ni olóògbé."

Bàbá fẹ́ rẹ́rìn-ín, ó wo ọkọ mi, ẹ̀rín náà kú sí i lẹ́nu. Mo ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gba àdúrà tí ẹ torí ẹ̀ wá. Ọmọ yẹn kú lóòótọ́. Òní ló pé ọdún kan." Bàbá gbàdúrà fún ọmọ, ó fo ìyá. Èmi ni mo ṣe àmín tó ròkè jù. Nígbà tí wọ́n ń lọ, obìnrin yẹn dì mí lọ́wọ́ mú lẹ́nu ọ̀nà, ó ní, "Ẹ pẹ̀lẹ́, omi ló…" ó sì gbé ìyókù mì. Wọ́n gbàgbé páálí mílíìkì sílẹ̀.

Inú mi dùn, n kò ní purọ́. Ó dùn bí ẹni họ ibi tó ti ń yún un tipẹ́. Mo yíjú sí ọkọ mi, mo sì pè é ní "ìwọ" fún ìgbà àkọ́kọ́ láyé mi. "Kí ló dé tó fi jẹ́ ikú lo yàn fún mi? O ò lè sọ pé o ò gbéyàwó rárá?"

Ó wò mí. Ó ti tó ọdún kan tó ti wojú mi bẹ́ẹ̀.

"Tí mo bá ní ọmọ nìkan ló kú, wọ́n á ní omi ló dànù, agbè ò fọ́. Gbogbo wọn pátá. Ọmọ mi ni wọ́n ń pè lómi. Mo fọ́ agbè náà kí wọ́n lè dákẹ́. Wọ́n sì dákẹ́. Ibẹ̀ nìkan ni wọ́n ti jẹ́ kí n sunkún rẹ̀."

Mo ní, "Èmi ńkọ́? Níbo ni kí èmi ti sunkún tèmi?"

Ó rò ó. Mo rí i pé ó ń rò ó lóòótọ́. Ó ní, "Mi ò ronú kàn ọ́."

"O wá ní àfi kí n sanwó kí n tó wọlé."

"Kí o má bàa wá síbẹ̀ ni."

Kí la tún fẹ́ sọ? Mo gbé máṣínnì mi, mo wá sí Soje. Ìyá ọkọ mi ń pè mí láti Ìlọrin, sùúrù, sùúrù, agbè tí kò fọ́ á tún pọnmi. Mo já fóònù mọ́ ọn létí. Àwọn ẹgbẹ́ lé ọkọ mi jáde, mo gbọ́ pé kò bẹ̀ wọ́n. Ó ń dá rìn kiri lórí ẹṣin rẹ̀ níbẹ̀.

Èmi náà ṣì ń wọlé. Ọ̀fẹ́ náà ni mo wà, àpò ìrẹsì náà ló wà lọ́rùn mi. Mo máa ń fi ẹsẹ̀ rìn láti ẹnu odi ìlú títí dé ilé rẹ̀. Ó ti mọ̀ pé èmi ni onírùngbọ̀n yẹn, kò sì ti géètì mọ́ mi. Ní ìparí oṣù kọ̀ọ̀kan ni àyà mi máa ń já. Tí kò bá san, wọ́n á gba ilé náà, kò sì sí ibòmíràn tí mo mọ̀ tí wọ́n sin ọmọ mi sí.

Mo lọ lọ́jọ́ Jímọ̀ tó kọjá. Òkúta náà ṣì wà, òdòdó rẹ̀ tutù yọ̀yọ̀. Ó ti san ti oṣù yìí. Mo jókòó tì í títí agbára mi fi tán, wọ́n ní kí n wo ìpolówó ọṣẹ kí n tó lè dìde. Mo wò ó.