Ìyá Tó Ń Ṣọ́ Eruku

Ọdún mọ́kàndínlógún ni Ìyá Onígbàálẹ̀ fi nu eruku ní yàrá ìwádìí abẹ́ òkè, níbi tí àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ti ń ṣọ́ ohun àìrí kan tó ń ti òfuurufú wá. Wọ́n ní eruku tíńtín lè mú kí ẹ̀rọ wọn rí ohun tí kò sí. Ìyá kò sì gba gbẹ̀rẹ́. Nígbà tí ọ̀gá pátápátá wọ bàtà ìta wọlé lọ́jọ́ kan, ńṣe ló lé e jáde bí ẹni lé adìẹ nídìí àgbàdo.

Lọ́jọ́ tó máa fẹ̀yìn tì, ọ̀gá yìí wá dágbére fún un nínú yàrá náà. Ìyá ní, "Ọ̀gá, kí lẹ rí látọjọ́ yìí?"

"A ò tíì rí nǹkan kan, Ìyá."

Ojú Ìyá rẹ̀wẹ̀sì. "Apẹ̀rẹ̀ ni mo ti fi ń pọnmi nìyẹn."

"Rárá o. Ká ní ẹ fi eruku sílẹ̀ ni, ẹ̀rọ ì bá ti purọ́, à bá sì ti bá a kéde rẹ̀ fáráyé. Ẹ̀yin lẹ ò jẹ́ ká di òpùrọ́."

Ìyá nu ojú rẹ̀, ó wo ẹsẹ̀ ọ̀gá, ó ní, "Ẹ ṣé. Ẹ lọ bọ́ bàtà yẹn."